Wọ́n Mọ Odi Sórí Pápá Ilé-Ìwé Ìlú: Kí Ni Òfin Ní Kí A Ṣe?

Ìbéèrè: "Olùkọ́ tó ti fẹ̀yìntì ni mí, agbègbè Ìkọ̀lé ní ìpínlẹ̀ Èkìtì ni mo sì ń gbé. Ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ìlú wa ní pápá ìṣeré kan tó ti wà láti ìgbà tí a ti dá ilé-ìwé náà sílẹ̀ ní 1955. Ní nǹkan bí oṣù méjì sẹ́yìn, ọkùnrin kan bẹ̀rẹ̀ sí í mọ odi yí apá kan pápá náà ká, odi ọ̀hún sì ti jẹ wọ ojú ọ̀nà tí àwọn ọmọ ilé-ìwé àti àwọn àgbẹ̀ ń gbà lọ sí odò. Nígbà tí a bi í léèrè, ó mú ìwé àdéhùn jáde, èyí tí ẹbí tó fi ilẹ̀ náà tọrẹ láyé ọjọ́un fọwọ́ sí. Wọ́n ní apá tí ilé-ìwé kò kọ́ nǹkan sí ti padà di tiwọn. A tún gbọ́ pé ẹnì kan ní ìjọba ìbílẹ̀ ti ń pín iwájú ilé-ìwé náà fún àwọn tí yóò kọ́ ṣọ́ọ̀bù. Àwọn ọ̀dọ́ ti ní àwọn yóò lọ wó odi náà. Ṣé òfin fún wa ní ẹ̀tọ́ bẹ́ẹ̀? Bí kò bá fún wa, ta ni ó lè pẹjọ́, kí sì ni a lè rí gbà ní kóòtù?"

Ìdáhùn: Olùkọ́ àgbà, ẹ kú ìtọ́jú ìlú. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ dáhùn èyí tí kò lè dúró di ọ̀la nínú ìbéèrè yín. Òfin kò fún àwọn ọ̀dọ́ ní ẹ̀tọ́ láti lọ wó odi náà, bí ó ti wù kí ohun tí ọkùnrin náà ṣe burú tó. Ọjọ́ tí wọ́n bá wó o ni ọ̀rọ̀ yóò yí padà, tí ẹni tó gba ilẹ̀ ìlú yóò di olùfisùn ní àgọ́ ọlọ́pàá, tí àwọn ọmọ yín yóò sì máa jẹ́jọ́ bíba dúkìá jẹ́. Ìjọba pàápàá kò ní irú àṣẹ bẹ́ẹ̀. Nínú ẹjọ́ tó wà láàárín ìjọba ológun ìpínlẹ̀ Èkó àti Ojukwu, ìjọba fi agbára lé Ojukwu jáde nínú ilé nígbà tí ẹjọ́ lórí ilé náà ṣì wà níwájú kóòtù. Nígbà tí ìjọba náà tún wá bẹ̀bẹ̀ fún ìrànlọ́wọ́ kóòtù ní 1986, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ kò dá a lóhùn, ó sì là á mọ́lẹ̀ pé ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti wà ní kóòtù kò gbọdọ̀ fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ìdájọ́. Bí a bá fi irú ọwọ́ yìí mú ìjọba ológun, a kò ní fi ọwọ́ tó rọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ mú àwọn ọ̀dọ́ abúlé.

Èyí kò ní kí ẹ káwọ́ gbera o. Agbára tí òfin fi lé ará ìlú lọ́wọ́ nínú irú ọ̀ràn yìí pọ̀ ju bí ọ̀pọ̀ ènìyàn ṣe rò lọ. Ohun tó máa ń sọ ọ́ di yẹpẹrẹ ni pé a máa ń pẹ́ kí a tó lò ó. Odi tí kò tíì ga ju ìbàdí lọ, adájọ́ kì í lọ́ra láti dá a dúró. Ilé tí wọ́n ti kan páànù sí lórí, tí ayálégbé ti kó wọ̀, adájọ́ kan náà yóò rò ó títí kí ó tó pàṣẹ pé kí a wó o. Oṣù méjì tó ti kọjá yẹn ti tó. Gbogbo ohun tí mo bá sọ nísàlẹ̀ yìí, ẹ kà á sí iṣẹ́ tí ó yẹ kí ó bẹ̀rẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ yìí.

Ẹ jẹ́ kí a wo ìwé àdéhùn náà, nítorí orí rẹ̀ ni ọkùnrin náà gbára lé. Nínú òfin ìbílẹ̀ Yorùbá, èyí tí kóòtù mọ̀ tí ó sì ń tẹ̀lé, fífún ènìyàn ní ilẹ̀ láti máa lò yàtọ̀ sí fífi ilẹ̀ tọrẹ. Ẹni tí a fún láti máa lò yóò máa san ìṣákọ́lẹ̀, yóò sì máa jẹ́wọ́ onílẹ̀. Bí ó bá sẹ́ onílẹ̀, wọ́n lè gba ilẹ̀ náà lọ́wọ́ rẹ̀. Ọrẹ pátápátá kò rí bẹ́ẹ̀. Níwájú ẹlẹ́rìí ni onílẹ̀ ti máa ń yọ ọwọ́ kúrò nínú rẹ̀, láti ọjọ́ náà lọ kò sì ní ohunkóhun nínú ilẹ̀ náà mọ́ tí ó lè tà fún ẹnikẹ́ni. Ìbéèrè tí ẹ óò bi àwọn àgbà ìlú nìyí: ǹjẹ́ ẹbí náà gba ìṣákọ́lẹ̀ lọ́wọ́ ilé-ìwé rí? Ǹjẹ́ wọ́n sọ níjọ́ tí wọ́n fún wọn pé bí ẹ kò bá kọ́lé dé ibi báyìí, a óò gbà á padà? Ẹ̀yin náà mọ bí nǹkan ṣe rí nígbà náà. Oṣù kìíní 1955 ni ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn lábẹ́ Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ bẹ̀rẹ̀ ètò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, tí àwọn ìlú sì ń yọ̀ǹda ilẹ̀ kí ilé-ìwé má baà fò wọ́n dá. Ilẹ̀ tí a fi sílẹ̀ nínú irú ẹ̀mí bẹ́ẹ̀, tí ẹnikẹ́ni kò gba kọ́bọ̀ lé lórí fún nǹkan bí àádọ́rin ọdún, ó ṣòro kí kóòtù tó gbà pé àyálò lásán ni.

Ohun mìíràn tún wà tí ó máa ń dùn mí nínú irú àwíjàre báyìí. Wọ́n ní ilé-ìwé kò lo pápá náà nítorí pé kò kọ́ ilé sí i. Pápá kì í ṣe ilẹ̀ tó ṣófo. Àwọn ọmọ ń sáré lórí rẹ̀, wọ́n ń tò lórí rẹ̀ láàárọ̀, wọ́n ń ṣe ìdíje eré ìdárayá lórí rẹ̀ lọ́dọọdún. Ìlò tí a torí rẹ̀ ya ilẹ̀ sọ́tọ̀ nìyẹn. Ẹ má ṣe jẹ́ kí agbẹjọ́rò yín gbàgbé láti sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ nínú ìwé ìpẹ̀jọ́.

Ká tilẹ̀ ní ẹbí náà ṣì ní ẹ̀tọ́ kan lórí ilẹ̀ náà, ẹ fi ara balẹ̀ wo ìsàlẹ̀ ìwé àdéhùn ọ̀hún, níbi tí orúkọ àti ìtẹ̀ka wà. Ta ni ó fọwọ́ sí i? Láti ìgbà ìdájọ́ Ekpendu àti Erika ní 1959 ni ó ti fìdí múlẹ̀ pé bí àwọn ọmọ ẹbí bá ta ilẹ̀ ẹbí láìsí olórí ẹbí níbẹ̀, títà náà kò wáyé rárá lójú òfin. Bí olórí ẹbí bá sì dá a tà láìfi ti àwọn àgbà ẹbí ṣe, àwọn tí a kò bi léèrè lè ní kí kóòtù fagi lé e. Ó wọ́pọ̀ púpọ̀ pé ọmọkùnrin méjì tàbí mẹ́ta nínú ẹbí ni ó máa ń ta irú ilẹ̀ yìí, tí àwọn àgbà ilé kò sì gbọ́ sí i. Bí ọ̀rọ̀ bá rí bẹ́ẹ̀ lọ́dọ̀ yín, àwọn àgbà ilé náà gan-an ni ẹlẹ́rìí tó lè wúlò fún yín jù lọ, nítorí náà ẹ má ṣe sọ gbogbo ẹbí náà di ọ̀tá. Yàtọ̀ sí èyí, Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti 1978 sọ pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbé ẹ̀tọ́ rẹ̀ lórí ilẹ̀ lé ẹlòmíràn lọ́wọ́ láìgba àṣẹ Gómìnà, tàbí ti ìjọba ìbílẹ̀ bí ó bá jẹ́ ilẹ̀ tó wà lábẹ́ ẹ̀tọ́ ìbílẹ̀. Ẹ bi ọkùnrin náà bóyá ó gba irú àṣẹ bẹ́ẹ̀.

Bí ó bá mú ìwé C of O, ìyẹn ìwé-ẹ̀rí ẹ̀tọ́ lórí ilẹ̀ tí ìjọba ń fún ènìyàn, jáde lọ́la, ẹ má ṣe jẹ́ kí ojora mú yín. Nínú ìdájọ́ Ogunleye àti Oni ní 1990, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ṣàlàyé pé ìwé náà kì í sọ ẹni tí kò ní ilẹ̀ di onílẹ̀. Bí a bá fi hàn pé ẹlòmíràn ni ó ní ẹ̀tọ́ tó dájú lórí ilẹ̀ náà kí wọ́n tó kọ ìwé, ìwé náà yóò wó. Àṣẹ ìkọ́lé tí àwọn òṣìṣẹ́ ìṣètò ìlú fún ènìyàn kò tilẹ̀ tó ìyẹn: ohun tí ó ń sọ kò ju pé àwòrán ilé náà bá ìlànà mu. Kò sọ ẹni tó ni ilẹ̀.

Nípa ti ẹni tó ń pín iwájú ilé-ìwé fún oníṣọ́ọ̀bù, ọ̀rọ̀ tèmi le díẹ̀. Abala kìíní Òfin Ìlò Ilẹ̀ gbé gbogbo ilẹ̀ ìpínlẹ̀ lé Gómìnà lọ́wọ́ kí ó máa fi ṣọ́ àǹfààní gbogbo ará ìlú. Olùtọ́jú ni ìjọba, kì í ṣe olówó ilẹ̀. Ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti 1999, nínú Àfikún Kẹrin rẹ̀, fi ìtọ́jú ọjà, ibùdókọ̀, òpópónà, ọgbà àti ibi ìgbafẹ́ sí ìkáwọ́ ìjọba ìbílẹ̀, ó sì fún un ní ipa nínú ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Kò fún alága tàbí òṣìṣẹ́ kankan láṣẹ láti gé ọgbà ilé-ìwé fún ẹni tí ó wù ú. Ní 1991, nínú ẹjọ́ Osho àti Foreign Finance Corporation, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ kọ̀ ọ́ pé kí ìjọba fi orúkọ àǹfààní gbogboogbò gba ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹnì kan kí ó sì gbé e fún ẹlòmíràn láti fi ṣe òwò ara rẹ̀. Bí òfin kò bá gba èyí lórí ilẹ̀ ẹni kan ṣoṣo, báwo ni yóò ṣe gbà á lórí ilẹ̀ tí àwọn ọmọ gbogbo ìlú ń kẹ́kọ̀ọ́ lórí rẹ̀?

Ẹjọ́ ilẹ̀ kì í ṣe ẹjọ́ ẹnu. Ibi tí ọ̀pọ̀ ìlú ti ń pàdánù nìyí, kì í ṣe nítorí pé wọn kò jàre, bí kò ṣe pé wọn kò lè fi ibi tí ààlà gbà han adájọ́. Ìdájọ́ Idundun àti Okumagba ti 1976 ka ọ̀nà márùn-ún tí a lè gbà fi hàn pé a ni ilẹ̀: ìtàn àtayébáyé, ìwé tó múná dóko, ìwà tí onílẹ̀ nìkan ń hù lórí ilẹ̀, lílò ó fún ìgbà pípẹ́, àti níní ilẹ̀ tó so mọ́ ọn lọ́wọ́. Bí ẹ bá wò ó dáadáa, ẹ óò rí i pé ó ku díẹ̀ kí ẹ ní gbogbo márààrún. Èyí tó kẹ́yìn ni àwọn ènìyàn máa ń fojú fò: yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ tó ti dúró síbẹ̀ láti 1955, tí ẹnikẹ́ni kò jiyàn lé lórí, jẹ́ ẹ̀rí lórí pápá tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Ìwé ni kí ẹ kọ́kọ́ wá kiri. Bí ìjọ kan ni ó dá ilé-ìwé náà sílẹ̀ kí ìjọba tó gbà á, ẹ lọ sí ọ́fíìsì ìjọ náà, nítorí wọ́n sábà máa ń tọ́jú fáìlì ilẹ̀ ju ìjọba lọ. Ẹ lọ sí ọ́fíìsì ẹ̀kọ́ ìjọba ìbílẹ̀, àti sí ọ́fíìsì awọnlẹ̀ àgbà ìpínlẹ̀ ní Adó-Èkìtì. Ẹ wo inú ìwé àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́ tí àwọn ọ̀gá ilé-ìwé àtijọ́ ń kọ ọ̀rọ̀ sí. Ìlà kan péré tó sọ pé "a gé koríko pápá títí dé ẹ̀bá ọ̀nà odò" lè wúlò ju ìbúra ẹlẹ́rìí mẹ́wàá lọ. Ìwé tó bá ti lé ní ogún ọdún, tó sì ti ibi tó yẹ jáde, Òfin Ẹ̀rí ti 2011 fún un ní iyì àkànṣe. Ẹ̀dà ìwé ìjọba kò gbọdọ̀ jẹ́ fọ́tókọ́pì lásán, ẹ ní kí wọ́n fi òǹtẹ̀ lù ú, kí wọ́n sì jẹ́rìí sí i pé òdodo ni.

Lẹ́yìn ìwé, ilẹ̀ fúnra rẹ̀. Ẹ rìn yí ààlà náà ká pẹ̀lú àwọn àgbà. Ẹ wá òkúta sọ́fè, ìyẹn òpó sìmẹ́ǹtì kúkúrú tí wọ́n rì mọ́lẹ̀, tí wọ́n kọ lẹ́tà àti nọ́ńbà sí lórí. Koríko máa ń bò ó, òun sì ni ajagungbalẹ̀ kọ́kọ́ máa ń hú. Ẹ wá pèrègún tí àwọn àgbà fi sàmì sí ààlà. Ẹ ya fọ́tò gbogbo wọn níbi tí wọ́n wà, kí ẹ má sì fọwọ́ kan wọ́n. Kí ẹ wá gba awọnlẹ̀ tí òfin mọ̀, kí ó ya àwòrán ilẹ̀ ilé-ìwé àti ti ọkùnrin náà pọ̀ sórí ìwé kan ṣoṣo, kí adájọ́ lè fojú ara rẹ̀ rí ibi tí èkejì ti jẹ wọnú èkíní. Awọnlẹ̀ náà lè lo àwòrán ojú òfurufú àtijọ́ láti orí Google Earth láti fi hàn bí pápá ṣe rí kí odi tó dé. Fọ́tò tí ẹ bá fi fóònù yà, Òfin Ẹ̀rí béèrè ìwé-ẹ̀rí pé ẹ̀rọ tí a fi yà á ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Agbẹjọ́rò yín mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n ẹ rán an létí.

Bí òṣìṣẹ́ ìjọba kan bá ní òun kò lè fún yín ní ìwé, ẹ kọ lẹ́tà lábẹ́ Òfin Òmìnira Ìròyìn ti 2011, èyí tó ní kí ilé-iṣẹ́ ìjọba fèsì láàárín ọjọ́ méje. Ìpínlẹ̀ Èkìtì wà lára àwọn tó tètè sọ òfin náà di tiwọn, ní ọdún 2011 kan náà. Ní oṣù kẹrin 2025 sì ni Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé òfin náà de gbogbo ìpínlẹ̀.

Kí ẹ tó dé kóòtù, ẹ kọ̀wé sí ọ́fíìsì ìṣètò ìlú ní agbègbè yín, kí ẹ fi ẹ̀dà ránṣẹ́ sí àjọ tó ń bójú tó ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní ìpínlẹ̀, tí a mọ̀ sí SUBEB, àti sí ilé-iṣẹ́ tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ ilẹ̀. Àwọn ni òfin fún láṣẹ láti pàṣẹ kí iṣẹ́ dúró, láti fi ọ̀dà pupa sàmì sí odi, àti láti wó o lẹ́yìn tí wọ́n bá ti fún ẹni náà ní ìwé ìkìlọ̀ àti àyè láti sọ tẹnu rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ pé ìlú yín wà lára àwọn tí ìjọba ti kéde ní ìlú ńlá lábẹ́ Òfin Ìlò Ilẹ̀, abala 43 òfin náà tún kọ̀ ọ́ pé kí ẹnikẹ́ni kọ́lé, kí ó mọ odi, tàbí kí ó dáko sórí ilẹ̀ tí kò ní ẹ̀tọ́ sí láìgba àyè lọ́wọ́ Gómìnà. Ẹ jọ̀wọ́, lẹ́tà kọ̀ọ̀kan tí ẹ bá mú lọ, ẹ mú ẹ̀dà kejì dání, kí akọ̀wé gbà á, kí ó fi òǹtẹ̀ àti déètì sí i. Mo ń tẹnu mọ́ èyí nítorí ohun tó lè ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà: bí wọ́n bá kọ̀ láti ṣe iṣẹ́ wọn, kóòtù lè fi àṣẹ dè wọ́n kí wọ́n ṣe é, ṣùgbọ́n ẹ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ fi hàn pé ẹ béèrè, wọn kò sì dáhùn.

Ẹ lọ sí ààfin pẹ̀lú. Èmi kò sí lára àwọn tó ń fojú kéré ìdájọ́ Ọba, nítorí odi púpọ̀ ni ó ti dúró ní Èkìtì nítorí pé Kábíyèsí ránṣẹ́ pe olówó rẹ̀. Òfin fúnra rẹ̀ bọ̀wọ̀ fún un: ìdájọ́ Agu àti Ikewibe ti 1991 sọ pé bí apá méjèèjì bá fi tinútinú gbé ọ̀rọ̀ síwájú àwọn àgbà, tí wọ́n gbà ṣáájú pé àwọn yóò tẹ̀lé ohun tí wọ́n bá sọ, tí wọ́n sì tẹ́wọ́ gba ìdájọ́ náà, ó dè wọ́n. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí ohun kan. Bí wọ́n bá ní kí ẹ pín pápá náà sí méjì kí àlàáfíà lè jọba, ẹ kò ní àṣẹ láti gbà. Tàwọn ọmọ tí a kò tíì bí náà wà nínú ilẹ̀ náà, àwọn ìgbìmọ̀ ìlú kò sì lè fi í ta ọrẹ.

Bí gbogbo èyí kò bá dá a dúró láàárín ọ̀sẹ̀ díẹ̀, ẹ gba Ilé-ẹjọ́ Gíga ìpínlẹ̀ Èkìtì lọ. Àwọn kan yóò sọ fún yín pé kóòtù ìbílẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ìgbèríko tọ́ sí. Nínú ìdájọ́ Adisa àti Oyinwola ní 2000, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ti sọ pé Ilé-ẹjọ́ Gíga ní agbára lórí rẹ̀ pẹ̀lú. Ó sì dára kí ẹ lọ síbẹ̀, nítorí ìjọba yóò wà lára àwọn olùjẹ́jọ́ yín.

Orúkọ ta ni ẹ óò fi pẹjọ́? Ibí yìí ni kí ẹ ti ṣọ́ra jù, nítorí a lè lé ẹjọ́ dànù látẹnu ọ̀nà lórí rẹ̀. Ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kì í ṣe ẹni lójú òfin, kò lè fi orúkọ ara rẹ̀ pẹjọ́. Ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́jáde pẹ̀lú kò lè ṣe é àfi bí ó bá ti forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ CAC, ìyẹn àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń forúkọ ilé-iṣẹ́ àti ẹgbẹ́ sílẹ̀, tí àwọn alámòójútó rẹ̀ sì pẹjọ́ ní orúkọ tí wọ́n fi sílẹ̀ níbẹ̀. Olùpẹjọ́ tó dára jù lọ ni SUBEB tàbí ọ́fíìsì ẹ̀kọ́ ìjọba ìbílẹ̀, nítorí àwọn ni ilẹ̀ náà wà lọ́wọ́ wọn. Bí wọ́n bá kọ̀, kí àgbà ìlú mẹ́ta tàbí mẹ́rin tí orúkọ wọn mọ́ pẹjọ́ fún ara wọn àti ní ìdúró fún gbogbo ará ìlú, kí wọ́n sì fi àwọn ilé-iṣẹ́ ìjọba tó kọ̀ náà ṣe olùjẹ́jọ́ pẹ̀lú ọkùnrin náà. Kí ìpàdé ìlú yàn wọ́n, kí a kọ ọ́ sílẹ̀, kí àwọn tó wá fọwọ́ sí i.

Ti ọ̀nà odò yàtọ̀ díẹ̀, ó sì dùn mọ́ mi láti sọ ọ́, nítorí ibẹ̀ ni òfin ti ṣílẹ̀kùn fún ará ìlú lásán. Láyé àtijọ́, bí ènìyàn bá dí ọ̀nà gbogboogbò, Agbẹjọ́rò Àgbà ìjọba nìkan ni ó lè pè é lẹ́jọ́, tàbí ẹni tó gba àṣẹ lọ́wọ́ rẹ̀, tàbí ẹni tí ìyà rẹ̀ ju ti gbogbo ènìyàn lọ. Àwọn olùgbé Ire-Akari ní Ìsọlọ̀, Èkó, pe ilé-iṣẹ́ ọkọ̀ akẹ́rù kan lẹ́jọ́ lórí bí ó ṣe ń ni wọ́n lára ládùúgbò. Nínú ẹjọ́ náà, Adediran àti Interland Transport, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ sọ ní 1991 pé abala 6(6)(b) ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti 1979 ti mú ìdènà náà kúrò. Ẹni tí nǹkan náà ń pa lára lè pẹjọ́ láìgba àṣẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Abala kan náà ṣì wà nínú ìwé òfin ti 1999. Ní 2018, nínú ẹjọ́ Centre for Oil Pollution Watch àti NNPC, ilé-iṣẹ́ epo ìjọba, kóòtù kan náà tún la ọ̀nà fún ẹgbẹ́ tó ń jà fún ire àyíká láti pẹjọ́ lórí odò tí epo bàjẹ́. Àgbẹ̀ tó ti ń gba ọ̀nà odò kọjá lójoojúmọ́, tí odi wá dí mọ́, kò gbọdọ̀ gbà kí ẹnikẹ́ni sọ fún òun pé kò kàn án.

Nínú ìwé ìpẹ̀jọ́, ẹ béèrè pé kí kóòtù kéde pé ilẹ̀ ilé-ìwé àti ọ̀nà gbogboogbò ni, kí ó fagi lé ìwé tàbí ìpín tí ẹnikẹ́ni ti gbà lórí rẹ̀, kí ó pàṣẹ kí ọkùnrin náà wó odi rẹ̀ fúnra rẹ̀ kí ó sì tún ilẹ̀ ṣe bó ti wà, kí ó dè é títí láé láti má ṣe padà wá, kí ó sì san owó gbà-má-bínú. Ṣùgbọ́n èyí tó jẹ yín lógún jù lónìí ni àṣẹ ìdádúró títí ìdájọ́ yóò fi wáyé. Lọ́jọ́ kan náà tí ẹ bá pẹjọ́ ni kí ẹ béèrè rẹ̀, pẹ̀lú ìwé ìbúra tó sọ ibi tí odi ga dé. Ìdájọ́ Kotoye àti Central Bank ti 1989 sọ pé ẹni tó bá fẹ́ irú àṣẹ yìí gbọdọ̀ ṣèlérí láti san ohun tí olùjẹ́jọ́ bá pàdánù bí a bá rí i lẹ́yìn náà pé kò tọ́ sí i, ó sì sọ pé ẹni tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ pẹ́ kò lè ké pé ọ̀rọ̀ ti di kíákíá. Bí ọkùnrin náà bá gba ìwé ìpè, tí ó wá ń fi òru kọ́lé, ẹ ya fọ́tò rẹ̀ lójoojúmọ́. Kóòtù máa ń bínú sí ẹni tó fẹ́ sáré kọ́lé ṣíwájú ìdájọ́, ó sì lè ní kí a wó ohun tó fi ìkánjú kọ́ náà kí ẹjọ́ tó parí.

Ẹ fiyè sí ọjọ́ pẹ̀lú. Bí ẹ bá fẹ́ kí kóòtù yẹ ìgbésẹ̀ ìjọba ìbílẹ̀ wò kí ó sì fagi lé e, oṣù mẹ́ta péré ni ìlànà kóòtù fàyè gbà, òfin ìjọba ìbílẹ̀ sì sábà máa ń béèrè kí ẹ kọ́kọ́ fún wọn ní ìwé ìkìlọ̀ oṣù kan kí ẹ tó pè wọ́n lẹ́jọ́. Nítorí náà kí agbẹjọ́rò kọ ìwé ìkìlọ̀ náà kí ó tó ṣe ohunkóhun mìíràn. Wọ́n lè fi òfin tó dáàbò bo òṣìṣẹ́ ìjọba, èyí tó ní kí a pẹjọ́ láàárín oṣù mẹ́ta, dẹ́rù bà yín lórí ilẹ̀ fúnra rẹ̀. Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ti sọ ju ẹ̀ẹ̀kan lọ pé òfin náà kò kan ẹjọ́ gbígba ilẹ̀ padà. Ní ti ọ̀nà, ìlànà òfin ni pé ohun tó bá ti di ọ̀nà gbogboogbò kì í padà di ti ẹnì kan nítorí pé ó dí i fún ìgbà pípẹ́.

Ọlọ́pàá ńkọ́? Wọn kò ní agbára láti dá ẹjọ́ ẹni tó ni ilẹ̀, ẹ má sì gbà kí wọ́n dá a fún yín. Ṣùgbọ́n fífi ilé tàbí odi dí ojú ọ̀nà gbogboogbò jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ nínú òfin ìwà ọ̀daràn, húhú òkúta sọ́fè àti fífi àdá lé àwọn olùkọ́ sì jẹ́ ohun tí ó yẹ kí a fi sùn lọ́jọ́ tó bá ṣẹlẹ̀ gan-an.

Mo fẹ́ kí ẹ ya àwọn tó ń ta ọsàn àti búrẹ́dì sí ẹnu ọ̀nà ilé-ìwé sọ́tọ̀ kúrò lára àwọn tó ń kọ́ ṣọ́ọ̀bù oníbíríkì. Tábìlì kì í gba ilẹ̀. Ẹ bá wọn sọ̀rọ̀, kí ìjọba ìbílẹ̀ fún wọn ní àyè níbi tí kò ní dí ọ̀nà. Kò yẹ kí ìyá arúgbó kan jìyà ìwà àwọn tó lówó láti ra ìwé.

Bí ọkùnrin náà bá ronú, tí ó ní òun fẹ́ parí ọ̀rọ̀, ẹ gbà, ó sàn ju ọdún márùn-ún ní kóòtù lọ. Ohun tó lè gbà lọ́wọ́ ẹbí tó ta ilẹ̀ fún un ni owó rẹ̀, ọ̀rọ̀ òun pẹ̀lú wọn nìyẹn. Ṣùgbọ́n kí àdéhùn náà má ṣe parí sí ìpàdé tàbí ààfin. Kí àwọn agbẹjọ́rò kọ ọ́, kí a fi àwòrán awọnlẹ̀ tó fi ààlà hàn mọ́ ọn, kí adájọ́ sì sọ ọ́ di ìdájọ́ kóòtù, nítorí ìyẹn nìkan ni ó de ẹni tó bá tún ra ilẹ̀ náà lọ́wọ́ rẹ̀. Lẹ́yìn náà kí ẹ ní kí SUBEB gba ẹ̀dà àwòrán náà sínú fáìlì ilé-ìwé, kí wọ́n sì béèrè fún C of O tí yóò jẹ́ ti ilé-ìwé fúnra rẹ̀, pápá àti ọ̀nà odò pẹ̀lú, kí ọ̀gá ilé-ìwé tó ń bọ̀ lè rí i mú jáde láàárín wákàtí kan tí ẹnikẹ́ni bá tún gbé bíríkì wọlé.